Bí ẹ bá fẹ́ wo Crime and Punishment lórí tẹlifíṣọ̀n, ẹ má wò ó báyìí

Àṣìṣe tó wọ́pọ̀ jù ni kéèyàn jókòó ti eré yìí bí ẹni tó fẹ́ mọ ẹni tó pààyàn. BBC ti sọ ìwé yìí, tí Dostoevsky, òǹkọ̀wé ọmọ Rọ́ṣíà, kọ, di eré tẹlifíṣọ̀n ju ẹ̀ẹ̀kan lọ: John Hurt ló ṣe Raskolnikov, ọ̀dọ́mọkùnrin tó pààyàn náà, ní 1979, John Simm ní 2002. Kò sí apànìyàn kan tí ẹ ó máa wá kiri. Apá mẹ́fà ni ìwé náà, tó jáde ní 1866. Kí apá kìíní tó parí, ọmọkùnrin náà ti fi àáké pa ìyá arúgbó kan. Láti ibẹ̀ lọ, ẹ̀rí ọkàn ló ń gún un ní kẹ́ṣẹ́.

Ẹ má sì sọ pé "ó tọ́ sí ìyá yẹn." Sógundogójì ni Alyona Ivanovna lóòótọ́, ó ń gba ohun ìdógò lọ́wọ́ aláìní. Ṣùgbọ́n àwáwí Raskolnikov gan-an nìyẹn; bí ẹ bá gbà á, ẹ ti bá a gbé àáké. Ọwọ́ rẹ̀ ni kí ẹ wò, ẹ fi ẹnu rẹ̀ sílẹ̀. Pákó pẹlẹbẹ kan àti irin fẹ́lẹ́ ló fi bébà wé, ó ní àpótí sìgá onífàdákà ni, ó wá so okùn rẹ̀ ní kókó líle kí ìyá náà lè kọjú sí fèrèsé, kó pẹ́ nídìí títú u. Ó ti gbọ́ pé Lizaveta, àbúrò ìyá náà, kò ní í sí nílé lálẹ́ ọjọ́ yẹn. Lizaveta wọlé dé, Raskolnikov sì pa òun náà. Ọwọ́ òsì nìkan ni Lizaveta nà síwájú díẹ̀díẹ̀, kò tilẹ̀ fi bojú. Àwọn tó ń jiyàn lórí ìyá arúgbó kì í rántí èyí.

(Rodya, Rodion Romanovich, Raskolnikov: ẹnì kan náà ni. Romanovich ń sọ pé ọmọ Roman ni.)

Ẹ má fojú òmùgọ̀ wo Porfiry, ọ̀gá olùwádìí, nítorí pé ó ń rojọ́ tó ń rẹ́rìn-ín. Kò ní ẹ̀rí tó lè mú lọ sílé ẹjọ́, ó sì mọ̀. Òun fúnra rẹ̀ ló mẹ́nu ba àfòpiná tó ń yí àbẹ́là po: bẹ́ẹ̀ ni Raskolnikov yóò ṣe máa yí òun po.

Bí Raskolnikov bá sì ti jẹ́wọ́ tán, ẹ má tíì dìde. Ọdún mẹ́jọ iṣẹ́ àṣekára ní Siberia ni wọ́n dá fún un, ṣùgbọ́n kì í ṣe ìyẹn ló ya àwọn adájọ́ lẹ́nu. Rúbù (owó Rọ́ṣíà) 317 àti díẹ̀ ló wà nínú àpò owó tó jí, tó rì mọ́ abẹ́ òkúta. Kò ṣí i wò rí.