Bí a ṣe ń pe ẹjọ́ kò-tẹ́-mi-lọ́rùn lórí ìdíje àṣà àwọn ọmọ iléèwé

Ẹ kọ́kọ́ gba ìwé òfin ìdíje lọ́wọ́ olùkọ́ tó kó àwọn ọmọ lọ, kí ẹ sì kà á tán, nítorí inú rẹ̀ ni ẹ ó ti rí ẹni tí à ń kọ̀wé sí àti gbèdéke àkókò ẹ̀sùn. Ọ̀gá iléèwé ni kí ó buwọ́ lu ìwé náà. Iléèwé ló forúkọ sílẹ̀, kì í ṣe òbí.

Ibi tí ọ̀pọ̀ òbí ní Èkìtì ti ń ba ẹjọ́ ara wọn jẹ́ ni ohun tí wọ́n ń kọ sínú ìwé ẹ̀sùn. Wọn a ní ọmọ àwọn jó ju ọmọ Ìkẹ́rẹ́ lọ, pé gbogbo èrò ló pàtẹ́wọ́ fún un. Kò sí ilé-ẹjọ́ tí yóò jókòó máa fún ijó ní máàkì. Ní ìpínlẹ̀ Kerala ní Íńdíà, níbi tí àwọn òbí ti máa ń gbé irú ìdíje yìí lọ sí kóòtù, àwọn adájọ́ ibẹ̀ ti sọ ọ́ léraléra pé àwọn kò ní fi ojú tiwọn rọ́pò ojú àwọn tó wo ijó náà.

Ìlànà tí wọ́n rú ni ẹ lè jà lé lórí: wọ́n ṣi máàkì rò, ẹbí olùdíje kan wà lára àwọn adájọ́ ìdíje, tàbí wọ́n yọ ọmọ kúrò láì gbọ́ tẹnu rẹ̀. Ẹ kọ òfin tí wọ́n rú, ohun tó ṣẹlẹ̀, àti ohun tí ẹ fẹ́ kí wọ́n ṣe. Ẹ má ṣe dárúkọ rìbá láì ní ẹ̀rí, nítorí ẹni tí ẹ bà lórúkọ jẹ́ lè pe ẹ̀yin náà lẹ́jọ́. Ẹ jẹ́ kí inú rọ̀ kí ẹ tó kọ ọ́. Ojú ìwé kan ti tó.

Fídíò orí fóònù tó fún ẹ̀rí, ṣùgbọ́n ẹ má ṣe gé e, kí ẹ sì fi ojúlówó rẹ̀ sílẹ̀ lórí fóònù náà, nítorí WhatsApp máa ń dín dídára àwòrán kù. Ìwé ẹ̀sùn gbọ́dọ̀ jẹ́ méjì. Bí kò bá sí owó kọ̀ǹpútà, ẹ fi gègé kọ ọ́ kí ẹ ṣe fọ́tòkọ́pì, kí ọ́fíìsì tó gba ìwé náà sì lu òǹtẹ̀ sí ẹ̀dà tiyín. Ìwé tí kò ní òǹtẹ̀, èmi kì í kà á sí èyí tí a fi jíṣẹ́.

Bí ìjọba ló ṣètò ìdíje náà, ẹ fi Òfin Òmìnira Ìròyìn ọdún 2011 béèrè ìwé máàkì; ọjọ́ 7 ni òfin náà fún wọn láti dáhùn.

Kí ẹ tó náwó lé lọ́yà, ẹ gbé ọ̀rọ̀ náà lọ sí Public Complaints Commission, àjọ ìjọba àpapọ̀ tó ń gbọ́ ẹ̀sùn aráàlú, tí kì í gba owó ẹ̀sùn. Àjọ náà kì í fọwọ́ kan ẹjọ́ tó ti wà ní kóòtù, nítorí náà òun ni kí ó ṣáájú. Ṣùgbọ́n ẹ máa ka ọjọ́, torí oṣù 3 péré ni òfin fi sílẹ̀ fún ẹni tí yóò pe òṣìṣẹ́ ìjọba lẹ́jọ́ lórí iṣẹ́ rẹ̀. Bí ó bá di ilé-ẹjọ́ gíga ní Adó-Èkìtì, òbí ni yóò dúró fún ọmọ tí kò tíì tó ọjọ́ orí. Kí lọ́yà má ṣe béèrè ife-ẹ̀yẹ. Kí ó ní kí wọ́n fagi lé èsì náà, kí wọ́n sì tún un gbé yẹ̀wò. Bí ìpele tó kàn bá sì ti súnmọ́, kí ó bẹ kóòtù lọ́jọ́ àkọ́kọ́ gan-an pé kí wọ́n jẹ́ kí ọmọ náà kópa títí ìdájọ́ yóò fi wáyé.