Àwọn Àṣìṣe Tí Ó Wọ́pọ̀ Nínú Lílo Fọ́ńtì Adẹ́rùbani

Inú máa ń bí mi bí mo bá rí akẹ́kọ̀ọ́ṣẹ́ tí ó ra fọ́ńtì (àwòṣe lẹ́tà orí kọ̀ǹpútà) tí ẹ̀jẹ̀ ń kán lára rẹ̀, tí ó tún wá san owó ìtẹ̀wé lẹ́ẹ̀mejì nítorí ohun tí ìdánwò ìṣẹ́jú márùn-ún ì bá ti fi hàn án.

Àkọ́kọ́, ẹ má ṣe fi kọ àlàyé gígùn. Àkọlé ni wọ́n ṣe é fún.

Ìkejì, ẹ má ṣe lò ó ní ìwọ̀n kékeré. Ní póńtì 10, inú "a" àti "e" yóò dí, ẹ̀jẹ̀ tí ń kán yóò sì dà bí ìdọ̀tí.

Ìkẹta ni ó ń dùn mí jù. Ẹ má ṣe ra fọ́ńtì láìkọ́kọ́ fi àkọlé yín gan-an dán an wò, pẹ̀lú gbogbo àmì rẹ̀. Ọ̀pọ̀ nínú wọn kò ní ju lẹ́tà Gẹ̀ẹ́sì lọ. Bí ẹ bá tẹ "Ẹ", kọ̀ǹpútà lè yá a láti inú fọ́ńtì mìíràn láìsọ fún yín. Bẹ́ẹ̀ ni mo ṣe tẹ 300 èèpo ìwé tí lẹ́tà kan tí ó mọ́ tónítóní jókòó sáàárín àwọn tí ó ya. Owó mi ni mo fi tún wọn tẹ̀. Bí fọ́ńtì bá tilẹ̀ ní "Ẹ", ọ̀ràn kò tíì tán: Unicode, ìlànà tí kọ̀ǹpútà fi ń fún lẹ́tà kọ̀ọ̀kan ní nọ́ńbà, kò ní àyè kan ṣoṣo fún "Ẹ̀", àmì ohùn dá dúró ni, bí ẹni tí ó ṣe fọ́ńtì náà kò bá sì tò ó sí àyè rẹ̀, yóò fò lọ gun lẹ́tà ẹ̀gbẹ́ rẹ̀. Ẹ jọ̀ọ́, ẹ má ṣe torí èyí yọ àmì kúrò. Òǹkàwé tí ẹ fẹ́ fi ọ̀bẹ dẹ́rù bà lè ka ọbẹ̀.

Ẹ ka ìwé àṣẹ, èyí tí ó sọ bí a ṣe lè lo fọ́ńtì náà. Ọ̀pọ̀ èyí tí wọ́n ń pín lọ́fẹ̀ẹ́ kò sí fún iṣẹ́ tí a gbowó lé.

Bí lẹ́tà kan bá jáde lẹ́ẹ̀mejì, ẹ wo ibi tí ẹ̀jẹ̀ ti ń kán lára wọn. Bí ó bá jẹ́ ojú kan náà, ẹ̀rù ti tán nínú rẹ̀. Àwọn fọ́ńtì kan ní oríṣi méjì tàbí mẹ́ta fún lẹ́tà kan; bí tiyín kò bá ní, tí ìwé àṣẹ sì gbà á, ẹ sọ èkejì di àwòrán, kí ẹ fọwọ́ yí ẹ̀jẹ̀ rẹ̀ padà.