Bí a ṣe ń tú orúkọ alápapọ̀ wò, àti bí a ṣe ń so tuntun fún ọmọ

Ìkómọ kan la lọ lápá Ìgbógbò níbí ní Ìkòròdú, ọmọ àkọ́bí tọkọtaya náà ni. Ẹ jẹ́ n fi orúkọ mìíràn bo tiwọn, ká pe bàbá ọmọ ní Káyọ̀dé, ká pe ìyá ọmọ ní Mopélọ́lá. Wọ́n ní àwọn fẹ́ orúkọ tí ẹnikẹ́ni ò tíì jẹ́ rí, ni wọ́n bá gé iwájú orúkọ bàbá, wọ́n gé iwájú orúkọ ìyá, wọ́n lẹ méjèèjì pọ̀, ó di Kayomope. Wọ́n ti tẹ̀ ẹ́ sára ike ìpọnmi, sára tówẹ́ẹ̀lì, wọ́n kọ ọ́ sórí kéèkì. Pásítọ̀ wá pe orúkọ náà sókè, bàbá àgbà tó bí Káyọ̀dé, tí etí ẹ̀ ò fi bẹ́ẹ̀ gbọ́ mọ́, dìde lórí àga, ó ní "Káyọ̀ má pẹ́ kẹ̀? Nínú ilé mi?" Ohun tí bàbá gbọ́ ni pé kí ayọ̀ má pẹ́. Abẹ́ kánópì dákẹ́ lọ gbári. Wọ́n bi ìyá ọmọ pé kí ni ìtumọ̀ ẹ̀ gan-an, ó wo ọkọ ẹ̀, ọkọ ẹ̀ ò rí nǹkan kan sọ, omijé ló bọ́ lójú ọmọbìnrin yẹn.

Ó dùn mí gan-an, torí ìfẹ́ ló mú wọn ṣe é, wọ́n fẹ́ kí ọmọ gbé àwọn méjèèjì lórí. Lẹ́yìn ọ̀sẹ̀ méjì wọ́n wá bá mi nílé, wọ́n mọ̀ pé mo fẹ́ràn ọ̀rọ̀ orúkọ, a jọ jókòó tì í. Bí a ṣe ṣe é lọ́jọ́ yẹn ni mo fẹ́ sọ síbí, kí ẹlòmíì lè fi ṣe tiẹ̀ kó tó dọjọ́ ìkómọ.

Ẹ kọ́kọ́ gbà pé gbólóhùn ni

Orúkọ wa tó pọ̀ jù, odindi gbólóhùn ni, ẹnì kan ṣe nǹkan, tàbí nǹkan kan ṣẹlẹ̀. Babátúndé, bàbá tún dé. Ẹ yọ "dé" kúrò, ó ku "bàbá tún", bàbá tún ṣe kí ni? Ibẹ̀ ni Kayomope ti bàjẹ́. Káyọ̀dé lè jẹ́ "kó ayọ̀ dé", ó sì lè jẹ́ "kí ayọ̀ dé", "dé" yẹn ló ń jẹ́ ká mọ̀ pé ire ni wọ́n ń sọ. Wọ́n gé "dé" sọnù, "Káyọ̀" wá dúró, kò mọ ohun tó máa ṣe.

Àwọn òyìnbó náà máa ń lẹ orúkọ pọ̀ o. Vanessa tó pọ̀ láàárín wa yìí, òǹkọ̀wé ará Ireland kan tó ń jẹ́ Jonathan Swift ló dá a sílẹ̀ ní nǹkan bí 300 ọdún sẹ́yìn, ó mú Van lára orúkọ ìdílé ọ̀rẹ́ ẹ̀ obìnrin, ìyẹn Vanhomrigh, ó wá fi Essa tó yọ lára Esther tì í. Ó sì dáa fún wọn bẹ́ẹ̀, torí etí tiwọn ò retí pé kí orúkọ sọ̀rọ̀. Etí tiwa ń retí ẹ̀. Tí orúkọ ò bá sọ nǹkan kan, etí Yorùbá máa fi nǹkan sí i fúnra ẹ̀, ohun tó sì máa fi sí i lè máà jẹ́ ohun tẹ́ ẹ fẹ́.

Ẹ tú u palẹ̀ lórí bébà

Ẹ mú bíró. Ẹ kọ orúkọ tẹ́ ẹ fẹ́ tú sílẹ̀, kẹ́ ẹ wá máa pè é jẹ́jẹ́, kẹ́ ẹ máa wá àwọn ọ̀rọ̀ kéékèèké tó ti wọnú ara wọn: fi, bá, ní, ni, di, ti, ṣe, kó. Àwọn ni wọ́n máa ń sá pamọ́. Fọláṣadé, fi ọlá ṣe adé ni, "fi" ti sọ "i" ẹ̀ nù, "ṣe" náà ti sọ "e" ẹ̀ nù. Bọ́láńlé, tó jẹ́ Ọmọ́bọ́láńlé lódindi, ọmọ bá ọlá ní ilé. Adédèjì, adé di èjì. Adétòkunbọ̀, adé ti òkun bọ̀, ọmọ tí wọ́n bí sókè òkun. Torí náà tẹ́ ẹ bá rí F níwájú orúkọ ẹ má sáré sọ pé Ifá ni. Fáwọlé, Ifá wọlé nìyẹn lóòótọ́, àmọ́ Fọlákẹ́, fi ọlá kẹ́ ni, ọ̀rọ̀ ẹ̀ ò kan Ifá rárá. Mo ti rí àwọn tó pààrọ̀ orúkọ tí wọ́n jogún torí àṣìṣe yìí, ó sì máa ń ká mi lára.

Èyí tó dùn mọ́ mi jù nínú gbogbo wọn ni "ní". Tó bá pàdé "i", n dúró. Tó bá pàdé fáwẹ́lì míì, n di l. Nígbà tí Fẹlá yọ Ransome kúrò nínú orúkọ ẹ̀ láàárín àwọn ọdún 1970, Aníkúlápò ló fi dípò, ẹni tó ní ikú ní àpò. "Ní" méjì ló wà níbẹ̀, ti àkọ́kọ́ bá "ikú" pàdé, ó dúró bíi n, ìkejì bá "àpò" pàdé, ó di l. Ìyá Fẹlá náà, Fúnmiláyọ̀, Olú fún mi ní ayọ̀. Ẹ wá fi Títílayọ̀ sẹ́gbẹ̀ẹ́ ẹ̀: títí ni ayọ̀. Ẹ pe méjèèjì. Ti àkọ́kọ́, "lá" lọ sókè, ti ìkejì, "la" dúró sáàárín. Àmì kékeré yẹn ló ya "ní" sọ́tọ̀ kúrò lára "ni" tí a fi ń tẹnu mọ́ ọ̀rọ̀. Ẹni tó bá ti mọ èyí ti mọ ìdajì iṣẹ́.

Bákan náà ni Tèmilolúwa, tèmi ni Olúwa, àti Tolúwanimi, ti Olúwa ni mi. Ẹ̀yìn ara wọn ni méjèèjì, ọ̀kan ní Olúwa jẹ́ tèmi, ìkejì ní èmi jẹ́ ti Olúwa.

Nínú ilé mùsùlùmí, tó sì pọ̀ ní Ìkòròdú àti Èpè, iṣẹ́ kan náà ni, èdè Lárúbáwá lẹ máa tú. Abdul nìkan kì í ṣe odindi orúkọ, "ẹrú" ló ń sọ, ó ń dúró de ẹni tó ni ẹrú, bíi Rahman tàbí Azeez. Nurudeen ni ìmọ́lẹ̀ ẹ̀sìn, Kamorudeen ni òṣùpá ẹ̀sìn, Shamsudeen ni oòrùn ẹ̀sìn. L tó wà níwájú Lásísì àti Lámídì, ara Abdul-Azeez àti Abdul-Hameed ló ti ṣẹ́ kù. Tẹ́ ẹ bá fẹ́ lẹ "deen" mọ́ nǹkan míì, ẹ bi alùfáà léèrè kẹ́ ẹ tó ṣe é.

Ẹ fi àmì sí i

Àwọn ará Èpè mọ ìtàn Ọba Kòsọ́kọ́ dáadáa, òun ló sá wá sọ́dọ̀ wọn lẹ́yìn táwọn òyìnbó fi ọkọ̀ ogun ja Èkó ní oṣù Kejìlá ọdún 1851. Orúkọ àbíkú ni: kò sí ọkọ́. Wọ́n ń sọ fún ọmọ pé kó má kú o, kò sí ọkọ́ tí a máa fi gbẹ́ ilẹ̀ fún un. Ẹ wò ó bí odindi ẹ̀bẹ̀ òbí ṣe wọnú orúkọ kan ṣoṣo. Àmọ́ ẹ yọ àmì kúrò, Kosoko, ó lè di kò sí ọkọ, ó lè di kò sí ọkọ̀. Ìyàtọ̀ tó wà láàárín ẹkún òbí àti ẹni tó ń wá básù lọ sí Mile 12, orí "ọ" kan péré ló wà.

Torí náà ẹ fi dò, rẹ́, mì sí gbogbo ẹ̀. Tẹ́ ẹ bá ń lo fóònù, Gboard ti Google ní kíbọ́ọ̀dù Yorùbá nínú. Tí ò bá ṣeé ṣe, ẹ fi bíró kọ ọ́.

Ẹ sì ṣọ́ra fún ìtumọ̀ tó kàn dà bíi pé ó bára mu. Orúkọ ìlú wa yìí pàápàá, ohun tí wọ́n máa ń sọ fún wa ni pé oko odù ni, odù tí a fi ń sebẹ̀, ẹnu ló yí i títí tó fi di Ìkòròdú, ojú lásán ò lè rí "oko" níbẹ̀. Rosemary náà, ọ̀pọ̀ èèyàn rò pé Rose àti Mary ni, bẹ́ẹ̀ orúkọ ewé kan ni láti inú èdè Látìnì, ìrì òkun ni wọ́n ń sọ.

Ẹ mú gbòǹgbò, ẹ fi orí sílẹ̀

Ó kan ọ̀rọ̀ Káyọ̀dé àti Mopélọ́lá wàyí. Mo ní kí wọ́n tú orúkọ wọn. Kó ayọ̀ dé. Mo pé ní ọlá. Mo bi wọ́n pé nínú gbogbo ọ̀rọ̀ wọ̀nyí, èwo lẹ fẹ́ kí ọmọ gbé? Bàbá ní ayọ̀, ìyá ní ọlá. Ó tán, gbòǹgbò méjì ti wà nílẹ̀, ohun tó kù ni ọ̀rọ̀ tó máa ṣiṣẹ́ láàárín wọn, torí ayọ̀ àti ọlá kò lè kàn dúró bẹ́ẹ̀ láìṣe nǹkan kan síra wọn.

A gbìyànjú "di": ayọ̀ di ọlá, Ayọ̀dọlá. Ó dáa, ìyá ọmọ ní kò wọ òun lára. A gbìyànjú "bá": ayọ̀ bá ọlá, "á" já bọ́ àmọ́ ohùn òkè ẹ̀ ò bá a lọ, ó gun orí "ọ", ó di Ayọ̀bọ́lá. Àwọn méjèèjì wo ara wọn. Bàbá ọmọ pè é lẹ́ẹ̀mẹta.

Ọ̀nà kan náà lẹ máa gbà. Tí bàbá bá ń jẹ́ Adéwálé, tí ìyá ń jẹ́ Títílayọ̀, ẹ má ṣe é ní Waletiti, ẹni tó bá gbọ́ ọ lè rò pé ẹnì kan ń wá ilé títí tí ò rí i. Ẹ mú adé, ẹ mú ayọ̀, ẹ fi "bá" tàbí "di" sí i láàárín, Adébáyọ̀, Adédayọ̀. Orúkọ tó ti wà tipẹ́ ni, mo mọ̀, àwọn kan á ní ó ti wọ́pọ̀ jù. Lójú tèmi orúkọ tó wọ́pọ̀ tó sì ní ìtumọ̀ sàn ju èyí tó dá wà tí ò sọ nǹkan kan.

Ẹ bi ilé

Ilé là ń wò ká tó sọmọ lórúkọ. Ẹ pe àwọn àgbà ìdílé lórí fóònù, ẹ bi wọ́n pé kí ni wọ́n fi ń bẹ̀rẹ̀ orúkọ nílé wa. Ilé ọba ló ni Adé, ilé onílù ló ni Àyàn, ilé ọdẹ ló ni Ọdẹ, ilé eégún ló ni Ọ̀jẹ̀. Tí wọ́n bá ní Àyàn ni tiyín, ẹ má tijú ẹ̀ jọ̀ọ́, ẹ so ó mọ́ ọ̀rọ̀ tó wù yín.

Ẹ má sì jẹ́ kó dọjọ́ ìkómọ. Láyé àtijọ́ ọmọbìnrin ń gba orúkọ lọ́jọ́ keje, ọmọkùnrin lọ́jọ́ kẹsàn-án, ìbejì lọ́jọ́ kẹjọ, ní báyìí ọjọ́ kẹjọ ló pọ̀ jù fún gbogbo wọn, ọjọ́ mẹ́jọ ò sì tó nǹkan kan fún ìyá tó ṣẹ̀ṣẹ̀ bímọ tí ò sùn. Ẹ bẹ̀rẹ̀ nígbà tí oyún wà nínú, àmọ́ ẹ fi àyè sílẹ̀ fún orúkọ tí ọmọ bá mú wá fúnra ẹ̀, torí tó bá dojú bolẹ̀ wáyé, Àjàyí ti dé nìyẹn.

Ẹ pè é, ẹ gé e

Ẹ jáde síta, kẹ́ ẹ pe orúkọ náà bí ẹni tó ń pe ọmọ tó wà lójúlé kejì. Ẹ ní kí àgbàlagbà kan gbọ́ ọ, kó sọ ohun tó gbọ́. Lẹ́yìn ìyẹn ẹ gé e, torí àwọn ọmọ iléèwé máa gé e ṣáá ni. Ayọ̀bọ́lá, wọ́n lè pè é ní Ayọ̀, wọ́n lè pè é ní Bọ́lá, méjèèjì dára. Àmọ́ Ikúforíjì, tó jẹ́ orúkọ tó ní ìtàn ọpẹ́ nínú, tẹ́ ẹ bá gé ẹ̀yìn ẹ̀ kúrò, ikú nìkan ló kù lẹ́nu.

Tó bá ti yè, bí ẹ ṣe kọ ọ́ sórí sàtífíkéètì ìbí náà ni kẹ́ ẹ kọ ọ́ sórí NIN, sórí fọ́ọ̀mù iléèwé, sórí gbogbo ẹ̀, lẹ́tà kan ò gbọ́dọ̀ yàtọ̀, wàhálà lẹ́tà kan lè lé ọmọ dé yunifásítì. Àmì ohùn kì í sábà wọ inú àwọn ìwé yẹn, torí náà ẹ kọ orúkọ pẹ̀lú àmì ẹ̀ sórí bébà kan, ẹ kọ gbólóhùn tó wà nínú ẹ̀ sísàlẹ̀, kẹ́ ẹ fi í pa mọ́ fún ọmọ.

Káyọ̀dé àti Mopélọ́lá ò tíì lọ gba sàtífíkéètì nígbà yẹn, a dúpẹ́. Wọ́n gbé ọmọ lọ sọ́dọ̀ bàbá àgbà, Mopélọ́lá tẹ̀ mọ́ ọn létí ọ̀tún, ó pe orúkọ náà. Bàbá ní, "Ayọ̀ bá kí ni?"

Ó ní, "Ọlá ni, bàbá."

Bàbá na ọwọ́ gba ọmọ. Ó ní, "Ó bá a nílé."