Bí o ṣe lè ṣí àpò owó orí fóònù tí owó géèmù rẹ máa gbà wọlé

Òkun o, ẹ̀yin ọ̀dọ́ Yàgbà, Ìjùmú, Owé àti Bùnú. Ọ̀rọ̀ owó géèmù ni mo fẹ́ bá yín sọ, mi ò sì sọ̀rọ̀ tẹ́tẹ́. Ẹ̀bùn ìdíje eFootball tàbí Call of Duty Mobile ni mò ń wí, àti owó tí YouTube ń san fún ẹni tó ń gbé fídíò géèmù sórí rẹ̀, àti owó tí ilé iṣẹ́ géèmù lè san fún ẹni tó bá wọn dán géèmù tuntun wò kó tó jáde. Iṣẹ́ gidi ni, àwọn ọmọ wa sì ń ṣe é láti inú yàrá wọn ní Kabba, Ìsánlú àti Ẹ̀gbẹ̀.

Ohun tó ń dùn mí ni pé ọmọ lè múra títí, kó borí, kí owó wá há sójú ọ̀nà nítorí orúkọ. Orúkọ orí NIN yàtọ̀ sí ti BVN, síìmù wà lórúkọ ẹ̀gbọ́n, àpò owó sì wà lórúkọ ìnagijẹ tí wọ́n ń pè é nínú géèmù. Ẹni tó fẹ́ sanwó kò mọ èwo ni òótọ́ nínú mẹ́rẹ̀ẹ̀rin. Nítorí náà, orúkọ la ó kọ́kọ́ tún ṣe kí a tó fọwọ́ kan áàpù kankan.

Tún orúkọ rẹ ṣe

Tẹ *346# lórí síìmù tí o fi forúkọ sílẹ̀, NIN rẹ yóò jáde. Tẹ *565*0#, BVN rẹ yóò jáde. Nọ́ńbà mọ́kànlá-mọ́kànlá ni àwọn méjèèjì. Lẹ́yìn náà, wá orúkọ tó wà lórí ọ̀kọ̀ọ̀kan, kí o gbé wọn síra. Lẹ́tà kọ̀ọ̀kan ni kí o wò, pẹ̀lú ọjọ́ ìbí àti bí orúkọ ṣe tẹ̀ léra. Níbi tiwa níhìn-ín, àṣìṣe tó wọ́pọ̀ ni pé wọ́n kọ Olúṣọlá sí ọ̀kan, wọ́n kọ Shola sí èkejì. Tàbí kí orúkọ bàbá wà lórí NIN, kó jẹ́ orúkọ bàbá àgbà ló wà nínú ìwé báńkì. Nílé, ẹnì kan náà ni wọ́n. Lójú ẹ̀rọ, èèyàn méjì ni.

Ti BVN, báńkì rẹ ló ń tún un ṣe. Ti NIN, ibùdó NIMC (àjọ tó ń ṣe NIN) tó súnmọ́ ọ ni kí o lọ, tàbí ojú òpó tí àjọ náà ṣe fún àtúnṣe. Àtúnṣe ọjọ́ ìbí ló wọ́n jù, nítorí náà má jẹ́ kí ẹnikẹ́ni bá ọ méfò ọjọ́ orí nígbà tí o bá ń forúkọ sílẹ̀.

Síìmù náà ṣe pàtàkì. Kó wà lórí NIN tìrẹ, nítorí ibẹ̀ ni gbogbo kóòdù ìdánimọ̀ máa wọlé sí. Lórí OPay àti PalmPay, nọ́ńbà fóònù rẹ láìsí òdo iwájú ni nọ́ńbà àkáǹtì rẹ. Bí o bá ní síìmù tí o kì í fi pe èèyàn, máa ra káàdì sí i lẹ́ẹ̀kọ̀ọ̀kan. Síìmù tí kò náwó kankan fún oṣù mẹ́fà, ilé iṣẹ́ fóònù lè tì í pa, bó bá sì pẹ́ sí i, wọ́n lè fún ẹlòmíràn.

Béèrè bí wọ́n ṣe ń sanwó kí o tó wọ ìdíje

Ka òfin ìdíje náà. Ta ni yóò sanwó? Náírà ni tàbí dọ́là? Báńkì, Payoneer tàbí PayPal (àwọn ilé iṣẹ́ tí wọ́n ń fi san owó láti orílẹ̀-èdè kan sí òmíràn lórí íńtánẹ́ẹ̀tì), tàbí USDT (owó orí íńtánẹ́ẹ̀tì tí iye rẹ̀ ń bá dọ́là mu)? Ìdáhùn yìí ló máa sọ irú àpò tí o nílò. Má ṣe ṣí márùn-ún nítorí pé o rí àwọn ọ̀rẹ́ tó ṣí wọn.

PayPal yẹ ní àkíyèsí. Láti 2014 tí wọ́n ti ṣí i fún wa ní Nàìjíríà, ọ̀pọ̀ ọdún ló fi jẹ́ pé àkáǹtì Nàìjíríà lè fi owó ránṣẹ́ ṣùgbọ́n kò lè gba owó. Nítorí èyí ni àwọn kan ṣe ń fi àdírẹ́sì ìlú òyìnbó ṣí i. Jọ̀wọ́, má ṣe é. Lọ́jọ́ tí owó ńlá bá wọlé, ọjọ́ náà ni wọn yóò béèrè ìwé, ìwé rẹ kò sì ní bá àdírẹ́sì náà mu. Wo inú áàpù náà fúnra rẹ bóyá àkáǹtì tìrẹ lè gba owó, kí o tó fún olùṣètò ìdíje ní ímeèlì rẹ.

Bó bá jẹ́ náírà

Èyí kò le. Gba áàpù OPay, PalmPay, Moniepoint tàbí Kuda láti Play Store gan-an, má gbà á láti inú líǹkì tí wọ́n fi ránṣẹ́ sí ọ lórí WhatsApp. Fi nọ́ńbà fóònù rẹ sí i, fi NIN àti BVN sí i, kí o wá ya ojú rẹ. Ọ̀sán ni kí o ya á, lẹ́gbẹ̀ẹ́ fèrèsé. Iná tọ́ọ̀ṣì kì í jẹ́ kí ojú hàn dáadáa, ẹ̀rọ á sì máa kọ̀ ọ́.

Ìpele àkọ́kọ́ kì í gba owó púpọ̀. Bí ẹ̀bùn ìdíje bá tóbi, sún un sókè kí ìdíje tó bẹ̀rẹ̀. Ibẹ̀ ni wọ́n ti máa ń béèrè àdírẹ́sì, àti ìwé bíi bílì iná. Ilé púpọ̀ ní ìlú wa ni kò ní nọ́ńbà. Kọ orúkọ agbo ilé, orúkọ àdúgbò àti ohun tí gbogbo èèyàn mọ̀ lẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀, bí ṣọ́ọ̀ṣì tàbí ilé ìwé, kí o sì máa kọ ọ́ bákan náà gẹ́lẹ́ níbi gbogbo tí wọ́n bá ti béèrè.

Má fi ọdún ìbí rẹ ṣe PIN. Lẹ́yìn náà, ní kí ẹnì kan fi ₦100 ránṣẹ́ sí ọ, kí ìwọ náà fi ránṣẹ́ padà. Bí nẹ́tíwọ́ọ̀kì bá dúró lójijì, tí áàpù sì ń yí, má tún tẹ̀ ẹ́. Lọ wo àkọsílẹ̀ ìnáwó rẹ nínú áàpù, nítorí ẹni tó tẹ̀ ẹ́ lẹ́ẹ̀mejì lè san án lẹ́ẹ̀mejì.

Bó bá jẹ́ dọ́là

Payoneer ni mo máa ń kọ́kọ́ tọ́ka sí fún owó iṣẹ́ láti òkè òkun. O lè fi gba dọ́là, yúrò àti pọ́ùn, kí o sì kó o wá sí báńkì rẹ ní Nàìjíríà. Wọ́n máa béèrè ìwé ìdánimọ̀, irú iṣẹ́ tí o ń ṣe, àti báńkì tó wà lórúkọ kan náà. Sọ òótọ́ nípa iṣẹ́ rẹ. Bí ìdíje géèmù bá ni, kọ ìdíje géèmù. Owó iṣẹ́ ni wọ́n ṣe é fún. Má fi gba owó tí ọ̀rẹ́ kàn fẹ́ fi ta ọ́ lọ́rẹ.

Ti YouTube yàtọ̀, ó sì yẹ kí n rọra ṣàlàyé rẹ̀, nítorí ibẹ̀ ni àwọn tó ń gbé ní ìlú kékeré ti ń rí ìdíwọ́. AdSense, ẹ̀ka Google tó ń san owó ìpolówó, ló ń san owó náà. Nígbà tí owó rẹ bá pé dọ́là 10, Google yóò fi lẹ́tà gidi ránṣẹ́ sí ọ láti ilé ìfìwéránṣẹ́, PIN onínọ́ńbà mẹ́fà á sì wà nínú rẹ̀. Bí o kò bá tẹ PIN yẹn sí i, owó kò ní jáde. Nítorí náà, àdírẹ́sì tí lẹ́tà lè dé ni kí o lò: àpótí ìfìwéránṣẹ́ ilé ìwé, ti ìjọ, tàbí ti ìbátan kan ní Kabba tàbí Lọ́kọ́jà tó máa ń yẹ̀ ẹ́ wò. Sọ fún wọn ṣáájú pé lẹ́tà ń bọ̀, kí wọ́n má bàa rò pé ìpolówó ni. Bí oṣù kan bá kọjá tí kò dé, béèrè òmíràn. Bó bá kọ̀ tí kò dé rárá, wọ́n lè jẹ́ kí o fi ìwé ìdánimọ̀ ṣe é.

Owó náà kì í jáde títí yóò fi pé dọ́là 100, àárín ọjọ́ 21 sí 26 oṣù ni wọ́n sì ń fi ránṣẹ́. O nílò àkáǹtì dọ́là ní báńkì, pẹ̀lú kóòdù SWIFT báńkì náà, ìyẹn àmì tí wọ́n fi ń dá báńkì mọ̀ láti òkè òkun. Wọ́n á tún ní kí o kọ fọ́ọ̀mù owó orí Amẹ́ríkà, W-8BEN. Kọ ọ́. Nàìjíríà àti Amẹ́ríkà kò ní àdéhùn lórí owó orí, nítorí náà wọ́n á yọ ìdá 30 nínú ọgọ́rùn-ún, ṣùgbọ́n lára owó tó ti ọ̀dọ̀ òǹwòran Amẹ́ríkà wá nìkan ni. Ẹni tí kò bá kọ ọ́, wọ́n lè yọ lára owó tó ti gbogbo ayé wá.

Bó bá jẹ́ USDT

Bí olùṣètò kò bá ní ọ̀nà mìíràn nìkan ni kí o gbà á. Ní Nàìjíríà, SEC, àjọ ìjọba tó ń bójú tó ọjà ìdókòwò, fún Busha àti Quidax, tí wọ́n ti ń ra irú owó yìí, tí wọ́n sì ń tà á, ní ìyọ̀ǹda ìbẹ̀rẹ̀ ní 2024, òfin 2025 sì ti fi irú owó yìí sí abẹ́ àjọ náà. Bí o bá lo àpò tó jẹ́ tìrẹ nìkan, bíi Trust Wallet, yóò fún ọ ní ọ̀rọ̀ méjìlá. Kọ wọ́n sínú ìwé. Má ya fọ́tò wọn, má fi wọ́n pamọ́ sínú WhatsApp. Ẹni tó bá ní ọ̀rọ̀ méjìlá náà ló ní owó náà.

Ibi tí owó ti ń sọnù jù ni ojú ọ̀nà tí wọ́n fi rán an, ìyẹn nẹ́tíwọ́ọ̀kì bíi TRC20, BEP20 àti ERC20. Àdírẹ́sì àpò rẹ, ìyẹn àmì gígùn tí wọ́n máa fi owó ránṣẹ́ sí, ń bẹ̀rẹ̀ pẹ̀lú T lórí TRC20. Ti BEP20 àti ERC20 ń bẹ̀rẹ̀ pẹ̀lú 0x. Ẹni tó fẹ́ láti Kabba lọ Ìsánlú, tó wá gba ọ̀nà Ọ̀bajànà, kò ní bá wa dé Ìsánlú. Sọ orúkọ ojú ọ̀nà náà fún olùsanwó, kí o sì ní kó kọ́kọ́ fi díẹ̀ ránṣẹ́.

Nígbà tí o bá ń tà á fún ẹlòmíràn gba náírà, àláàtì kì í ṣe ẹ̀rí. Ṣí áàpù báńkì rẹ, rí owó náà níbẹ̀, rí i pé orúkọ ẹni tó sanwó bá orúkọ ẹni tí ẹ jọ dúnàádúrà mu, kí o tó fi USDT sílẹ̀.

Ẹ̀yin òbí àti àkọsílẹ̀

Bí ọmọ kò bá tíì pé ọdún 18, kò lè ní Payoneer tàbí AdSense tirẹ̀. Ẹ ṣí i lórúkọ yín, kí ẹ sì ní kí olùṣètò gbà ní kíkọ pé ẹ̀yin ni yóò gba owó fún un. Ẹ má jẹ́ kó pa ọjọ́ orí dà.

Gbogbo ìwé ìpè sí ìdíje, èsì, ímeèlì àti rìsíìtì, ẹ tọ́jú wọn sínú fáìlì kan. Báńkì lè béèrè ibi tí dọ́là ti wá, ọlọ́pàá lójú ọ̀nà náà lè béèrè. Wọ́n tún wúlò fún owó orí: láti oṣù Kínní 2026, òfin tuntun kò gba owó orí lórí ₦800,000 àkọ́kọ́ tí èèyàn bá pa lọ́dún, ṣùgbọ́n ìwọ ni yóò fi hàn pé iye tí o pa nìyẹn.

Ẹnikẹ́ni tó bá ní kí o kọ́kọ́ sanwó kí ẹ̀bùn rẹ tó jáde, ṣe ni ó fẹ́ jí owó rẹ. Bákan náà ni ẹni tó bá béèrè kóòdù tó wọ fóònù rẹ, kódà bó pe orúkọ báńkì rẹ gẹ́lẹ́.

Kọ nọ́ńbà ìrànlọ́wọ́ báńkì rẹ àti ti ilé iṣẹ́ síìmù rẹ sínú ìwé kan, kí o fún ìyá rẹ tàbí ẹ̀gbọ́n rẹ tọ́jú nílé. Bí fóònù bá sọnù, fi fóònù ẹlòmíràn pè wọ́n lójú ẹsẹ̀: báńkì àkọ́kọ́, kí wọ́n ti àpò owó náà, síìmù lẹ́yìn náà.