Bí mo ṣe fi Fọ́ọ̀mù 48 àti 49 gba ìwé tí ilé ẹjọ́ ní kí ìjọba fún mi

Òfin Òmìnira Ìròyìn ti ọdún 2011, tí ó fún ará ìlú ní ẹ̀tọ́ láti béèrè ìwé lọ́wọ́ iléeṣẹ́ ìjọba, ni mo gùn lé lọ sí Ilé Ẹjọ́ Gíga Ìjọba Àpapọ̀, adájọ́ sì pàṣẹ pé kí ọ̀gá iléeṣẹ́ ìjọba kan kó ẹ̀dà ìwé iṣẹ́ àgbàṣe ilé ìwé kan fún mi láàárín ọjọ́ méje. Oṣù méjì kọjá, n kò rí nǹkan kan.

Agbẹjọ́rò mi kọ́kọ́ yẹ ìdájọ́ náà wò bóyá àṣẹ wà nínú rẹ̀ lóòótọ́, nítorí pé bí ilé ẹjọ́ bá kàn sọ ẹ̀tọ́ ènìyàn láìní kí ẹnikẹ́ni ṣe ohunkóhun, kò sí ẹni tí a lè fi ẹ̀sùn títàpá sí àṣẹ kàn. Lẹ́yìn náà ni a gba Fọ́ọ̀mù 48, tí ó ń kìlọ̀ fún ọ̀gá náà pé ó lè ṣẹ̀wọ̀n bí ó bá kọ etí ikún. Orúkọ òun gan-an ni a kọ sí i, torí iléeṣẹ́ kò ṣeé tì mọ́lé.

Fífi ìwé náà lé e lọ́wọ́ ni ó gba wàhálà jù. Ẹ̀ẹ̀mejì ni akọ̀wé rẹ̀ sọ pé ọ̀gá rìnrìn àjò, tí ó sì na ọwọ́ kí òun bá a gbà á. Mo bẹ akọ́dà ilé ẹjọ́ pé kí ó má ṣe fún un, torí ọ̀gá fúnra rẹ̀ ni ìwé náà wà fún. Lẹ́ẹ̀kẹta, láti aago méje àárọ̀ ni a ti wà lẹ́nu ọ̀nà. Bí ọ̀gá ṣe sọ̀ kalẹ̀ nínú ọkọ̀, akọ́dà pè é lórúkọ, ó sì sọ ohun tí ìwé náà jẹ́ fún un. Ọ̀gá ká ọwọ́ sẹ́yìn. Akọ́dà rọra fi ìwé náà lélẹ̀ níwájú bàtà rẹ̀, ó wo aago, ó sì lọ búra sí ohun gbogbo tí ó ṣe.

Fọ́ọ̀mù 49, tí ó ní kí ó wá sọ ìdí tí a kò fi ní jù ú sẹ́wọ̀n, kò gbọdọ̀ jáde kí ọjọ́ méjì tó kọjá lẹ́yìn tí a ti fi Fọ́ọ̀mù 48 jíṣẹ́ fún un. A fi ẹjọ́ Ojukwu àti Gómìnà Ológun Ìpínlẹ̀ Èkó, tí Ilé Ẹjọ́ Tó Ga Jù Lọ dá ní ọdún 1986, gbe ọ̀rọ̀ wa lẹ́sẹ̀, nítorí pé ìjọba tí ó tàpá sí ilé ẹjọ́ ni ó dá lé lórí.

Láàárọ̀ ọjọ́ ìgbẹ́jọ́, ọ̀gá náà kó ìwé dé. Adájọ́ bi mí bóyá ó pé. Mo ṣí i ní ọ̀kọ̀ọ̀kan: ojú ìwé méjì tí wọ́n kọ owó iṣẹ́ sí kò sí níbẹ̀. Adájọ́ kò fagi lé ẹ̀sùn náà. Ó sún un sí ọ̀sẹ̀ kejì, ó sì ní kí ọ̀gá náà padà wá fúnra rẹ̀. Ní ọ̀sán ọjọ́ kejì, ojú ìwé méjèèjì ti dé ọwọ́ agbẹjọ́rò mi.