Bí A Ṣe Lè Máa Yá Ara Wa Ní Ohun Èlò Ìgòkè

Nínú àwa tí a máa ń gun Òkè Sóbì ní Ìlọrin ní ìdájí, tí a sì máa ń lọ wo omi Òwu tó ń já láti orí àpáta nítòsí Ọ̀wá-Kájọlà ní ilẹ̀ Ìgbómìnà, kì í ṣe gbogbo wa ni agbára wa ká okùn, àgọ́ àti bàtà tó yẹ. Ó dára kí a máa yá ara wa, ṣùgbọ́n ẹni tó yá ènìyàn ní nǹkan láì sọ ohun tí ojú nǹkan náà ti rí kò tíì ràn án lọ́wọ́.

Ẹ kọ́kọ́ ra ìwé kan, kí ẹnì kan tí gbogbo yín fọkàn tán máa kọ orúkọ ẹni tó yá nǹkan sínú rẹ̀, pẹ̀lú ọjọ́ tó gbà á, ọjọ́ tí yóò dá a padà, àti ipò tí nǹkan náà wà.

Okùn ni kí ẹ fara balẹ̀ sí jù, nítorí ẹ̀mí ni a ń so mọ́ ọn. Oòrùn máa ń sọ okùn náílọ́ọ̀nù di ahẹrẹpẹ, omi bátìrì ọkọ̀ lè bà á jẹ́ láìjẹ́ pé ojú rí i, iyanrìn tó wọ inú rẹ̀ sì máa ń gé fọ́nrán rẹ̀ díẹ̀díẹ̀. Nígbà tí ẹ bá ń gbà á àti nígbà tí ẹ bá ń dá a padà, ẹ fi ìka tọ́ ọ láti ìbẹ̀rẹ̀ dé òpin, kí ẹ wá ibi tó rọ̀ jù, ibi tó le gbagidi, tàbí ibi tó ti ń hu irun. Bí ó bá ti gba ẹni tó já bọ́ dúró rí, dandan ni kí ẹni tó ni ín sọ ọ́. Okùn tí ẹnikẹ́ni kò mọ ìtàn rẹ̀, bó ti wù kó dán tó, aṣọ ni kí ẹ máa sá lé e.

Ẹ sá àgọ́ tí òjò pa kó gbẹ kí ẹ tó ká a, bí bẹ́ẹ̀ kọ́ yóò máa rùn. Ẹ sì yọ bátìrì kúrò nínú tọ́ọ̀ṣì.

Ní ti ìmọ̀, ẹ má ṣe bá ẹni tuntun so kókó okùn. Ẹ jẹ́ kó so ó, kó tú u, kó tún so ó lójú yín títí ọwọ́ rẹ̀ yóò fi mọ́ ọn. Ẹ sọ fún un pé omi lè kún lójijì nígbà òjò, bí òjò bá rọ̀ ní òkè odò, kódà bí ojú ọ̀run bá mọ́ níbi tó dúró sí. Kí ẹ tó wọ ọ̀nà, ẹ yà kí àwọn àgbà Ọ̀wá-Kájọlà, kí ẹ sì bi wọ́n léèrè bí ọ̀nà ti rí, torí àwọn ni wọ́n ń rí i lójoojúmọ́.

Ní alẹ́ tí ẹ bá dé, ẹ kọ ibi tí igi wó dí ọ̀nà àti àpáta tó ń yọ̀ sínú ìwé kan náà, kí ẹni tí yóò gba okùn lọ́sẹ̀ tó ń bọ̀ kà á kí ó tó fọwọ́ sí i.