Bẹ́ ẹ Ṣe Lè Fi Amandine Henry Kọ́ Ọmọbìnrin Ní Nọ́ńbà 6

Iṣẹ́ nọ́ńbà 6, ìyẹn ẹni tó ń gbá àárín níwájú àwọn tó ń ṣọ́ ẹ̀yìn, kì í hàn nínú àwọn fídíò kéékèèké tí wọ́n ń pín kiri yẹn. Góòlù nìkan ni wọ́n ń gé síbẹ̀, ọmọ á wò ó tán, á ní òun fẹ́ máa gbá iwájú. Èmi máa ń bá àwọn ọmọbìnrin kan ṣe ìdánrawò nírọ̀lẹ́, èyí tó bá ti jẹ́ pé àárín ló ń gbá nínú wọn, Amandine Henry ti Faransé ni mo máa ń fi kọ́ ọ. Bí mo ṣe ń ṣe é nìyí.

Ẹ kọ́kọ́ sọ ìtàn ẹ̀ fún un kẹ́ ẹ tó ṣí fídíò kankan. Ìlú Lille ni wọ́n bí i sí lọ́dún 1989, àárín àwọn ọmọkùnrin ló ti bẹ̀rẹ̀ bọ́ọ̀lù láti kékeré, ó gbá a ní Hénin-Beaumont, ó lọ kọ́ṣẹ́ ní Clairefontaine tí àjọ bọ́ọ̀lù Faransé ti ń tọ́ àwọn ọmọ tó mọ̀ ọ́n gbá, nígbà tó di 2007 ẹgbẹ́ agbábọ́ọ̀lù Lyon mú un. Ẹ má fo ibi tó kàn yìí o: kò tíì pẹ́ tó débẹ̀ tí orúnkún fi dá a dúró, ó sì pẹ́ gan-an kó tó padà sórí pápá. Ọmọ kan wà lọ́dọ̀ mi tó ṣèṣe lórúnkún, ẹ̀gbẹ́ pápá ló máa ń jókòó sí pẹ̀lú báńdéèjì lẹ́sẹ̀, kì í bá ẹnikẹ́ni sọ̀rọ̀. Ọjọ́ tí mo sọ ti Henry yìí ló bi mí pé "Ẹ jọ̀ọ́ sà, orúnkún tòun náà ni?" Mo ní bẹ́ẹ̀ ni, ẹni tó wá gba Champions League lẹ́ẹ̀mẹ́fà pẹ̀lú Lyon lẹ́yìn ìgbà yẹn nìyẹn o. Látọjọ́ náà ló ti ń jẹ́ kí n rí eyín òun.

Tó bá kan fídíò, máàṣì odindi ni kẹ́ ẹ wá. Èyí tí mo fẹ́ràn jù ni àṣekágbá Champions League ti 2022 tí Lyon fi na Barcelona 3-1 ní Turin. Ẹ fún ọmọ ní bírò àti bébà, kó má wo bọ́ọ̀lù rárá fún ìṣẹ́jú mẹ́wàá, Henry nìkan ni kó máa wò, gbogbo ìgbà tí Henry bá ti yí ọrùn wo ẹ̀yìn ara ẹ̀ kí bọ́ọ̀lù tó dé ọ̀dọ̀ ẹ̀, kó fa ìlà kan. Ó máa kọ́kọ́ ṣòro fún un torí ojú wa ti mọ́ kó máa tẹ̀lé bọ́ọ̀lù, ẹ ṣe sùúrù, tẹ́ ẹ bá fi máa wò ó lẹ́ẹ̀kejì bébà á ti kún.

Ìṣẹ́jú kẹfà máàṣì yẹn ni góòlù ẹ̀ wọlé. Ẹ dá fídíò náà dúró kó tó gbá a, ẹ bi ọmọ pé kí ló ṣẹlẹ̀ ṣáájú. Òun fúnra ẹ̀ ló já bọ́ọ̀lù gbà láàárín pápá, kò dúró wá ẹni tó máa fún, ó gbé e síwájú, ó fi ìbínú gbá a láti ọ̀nà jíjìn, ó lọ há sókè igun àwọ̀n. Gbígbà yẹn gan-an ni mo fẹ́ kí ọmọ rí.

Èkejì ni ti World Cup 2019 tó wáyé ní Faransé, òun ni káptẹ́nì. Máàṣì wọn pẹ̀lú Bùràsíìlì ní Le Havre ni kẹ́ ẹ wò, ibi tí wọ́n ti wọ àfikún àsìkò, ó ti rẹ gbogbo èèyàn, Amel Majri wá gbá free kick síwájú ilé Bùràsíìlì ní ìṣẹ́jú 107, Henry yọ lẹ́yìn àwọn tó ń ṣọ́ ọn, ó sọ ọ́ sáwọ̀n, 2-1. Ẹ ní kí ọmọ fìka tọ́ka sí ibi tó dúró sí kí wọ́n tó gbá free kick náà. (Ìdíje yẹn náà ni Faransé ti fi pẹ́náritì na tiwa 1-0 ní Rennes, Wendie Renard kọ́kọ́ gbá a mọ́ òpó, VAR, ìyẹn fídíò tí rẹfirí fi ń yẹ ọ̀rọ̀ wò, ní kó tún un gbá, ó ṣì ń dùn mí títí dòní.)

Tí ẹnikẹ́ni bá ní nọ́ńbà 6 ò lórúkọ, ẹ sọ ti World Cup Kánádà 2015 fún un. Quarter-final ni Jámánì ti fi pẹ́náritì lé Faransé lọ sílé, síbẹ̀ Henry ni wọ́n fún ní Silver Ball, àmì ẹ̀yẹ agbábọ́ọ̀lù tó ṣe ìkejì nínú ìdíje náà, Carli Lloyd ti Amẹ́ríkà tó gba ife ọ̀hún nìkan ló ṣíwájú ẹ̀.

Ọmọ tí kóòṣì ò bá mú náà wà, ìyẹn náà ní ìtàn tiẹ̀. Henry lọ sí Portland ní 2016, ó yà sí PSG ní Paris díẹ̀, ó gba ife líìgì Amẹ́ríkà pẹ̀lú Portland ní 2017 kó tó padà sí Lyon, àmọ́ àárín òun àti kóòṣì Faransé, Corinne Diacre, ò gún mọ́ láti 2020, tó fi jẹ́ pé góòlù Turin ò tíì pé oṣù méjì tí Euro 2022 bẹ̀rẹ̀ láìsí i níbẹ̀. Kóòṣì tuntun pè é padà ní 2023, iṣan ẹsẹ̀ tún ní kò ní lọ World Cup. Síbẹ̀ kò dúró, ọdún yẹn náà ló lọ gbá bọ́ọ̀lù ní ẹgbẹ́ Angel City ní Amẹ́ríkà.

Ó yá, ẹ bọ́ sórí pápá. Kí ọmọ dúró láàárín, kí ẹnì kan máa fún un ní bọ́ọ̀lù níwájú, ẹ̀yin ẹ dúró sẹ́yìn ẹ̀ kẹ́ ẹ na ìka sókè. Kó tó gba bọ́ọ̀lù, kó ti wẹ̀yìn kó sì pariwo iye ìka tẹ́ ẹ nà. Kó má kọjú gbọọrọ sí ẹni tó ń fún un, kó fẹ̀gbẹ́ dúró, ẹsẹ̀ tó jìnnà ni kó fi gbà á, kó lè yí síwájú lẹ́ẹ̀kan náà. Tó bá ti ń pe iye ìka lẹ́ẹ̀mẹ́wàá láì ṣì í, ẹ fi ọmọ míì kún un kó máa sáré wá já a gbà lẹ́sẹ̀ ẹ̀.